Oògùn Tí Ara Rẹ Kọ̀, Mọ Orúkọ Rẹ̀

    Ọ̀rọ̀ ìlera la gbé wá lónìí, ṣùgbọ́n ó kan ọjà pẹ̀lú, ẹ ó rí i níwájú. Ọ̀rọ̀ ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe iṣẹ́ abẹ ni, tó ń gbádùn bọ̀ díẹ̀díẹ̀, tí ara rẹ̀ wá kọ oògùn.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ilé tiwa. Àbúrò bàbá mi, Bàbá Kékeré la máa ń pè wọ́n, ṣe iṣẹ́ abẹ ìpá ní ọdún mélòó kan sẹ́yìn. Iṣẹ́ abẹ náà yọrí sí rere. Wọ́n padà wálé, wọ́n ń rìn lọ rìn bọ̀ nínú àgbàlá, wọ́n ń bá àwọn ọmọ ṣeré. Lọ́jọ́ kẹfà, ojú ọgbẹ́ ń dùn wọ́n díẹ̀. Ọmọ wọn bá lọ ra oògùn lórí àtẹ ní ọjà, oògùn aláwọ̀ méjì, tí wọ́n kà sínú ọ̀rá. Bàbá gbé méjì mì.

Kò pẹ́ rárá, àtẹ́lẹwọ́ wọn bẹ̀rẹ̀ sí yún wọn. Lẹ́yìn náà ni gbogbo ara wú káàkiri bí ibi tí ẹ̀fọn jẹ. Wọ́n ní, "Ẹ wo ètè mi." Ètè ti wú, ohùn wọn ti há. Ìyá Kékeré sáré gbé epo pupa. Ẹlòmíràn ń wá omi àgbọn. Ẹlòmíràn ní kí wọ́n ki ìka bọ̀ ọ́ lọ́nà ọ̀fun kó lè bì. Zémìjàn kan tó ń kọjá lọ ló gbà wá. A gbé wọn lọ sí ilé ìwòsàn tó sún mọ́ wa.

Nọ́ọ̀sì tó wà níbẹ̀ kò bá wa sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó tẹ́ wọn sílẹ̀, ó gún wọn lábẹ́rẹ́ ní itan. Nígbà tí mímí wọn wálẹ̀, ló tó yíjú sí wa, ó ní, "Kí lorúkọ oògùn tí wọ́n lò?" A wo ara wa lójú. Ọmọ wọn ní, "Oògùn aláwọ̀ méjì ni, mà." Nọ́ọ̀sì mi orí. Kò sí páálí, kò sí ìwé, kò sí orúkọ. Kò rí nǹkan kan kọ sílẹ̀.

Ẹ ẹ̀ rí i, ibẹ̀ yẹn gan-an lọ̀rọ̀ wa wà lónìí. Nítorí ọdún méjì lẹ́yìn náà, àdá ṣá Bàbá Kékeré lẹ́sẹ̀ lóko. A gbé wọn lọ sí ibòmíràn, mi ò ní dárúkọ ibẹ̀. Wọ́n bi wọ́n pé, "Bàbá, ṣé oògùn kan wà tí ara yín kọ̀?" Bàbá ní, "Ó wà. Ó ní àwọ̀ méjì." Ta ló fẹ́ fi ìyẹn ṣe nǹkan? Wọ́n gún wọn lábẹ́rẹ́ ampicilline nítorí ọgbẹ́ náà. Kí wọ́n tó fa abẹ́rẹ́ yọ tán, Bàbá ti ṣubú. Lọ́jọ́ yẹn, a rò pé ó ti parí. Ọlọ́run bá wa ṣe é, wọ́n yè. Ṣùgbọ́n ohun tó fẹ́ pa wọ́n kì í ṣe oògùn nìkan. Orúkọ tí a kò mọ̀ wà níbẹ̀ pẹ̀lú.

Kí ló ń jẹ́ pé ara kọ oògùn?

Ara èèyàn dà bí agboolé tó ní ọlọ́dẹ. Iṣẹ́ ọlọ́dẹ ni kó máa lé olè. Ṣùgbọ́n nígbà mìíràn, ọlọ́dẹ á ṣi àlejò mú. Oògùn tí wọ́n fún wa láti fi wò wá sàn, á pè é ní olè. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ kì í sábà pariwo, á kàn wo ojú rẹ̀ dáadáa, á fi í sọ́kàn. Ọjọ́ tí àlejò yẹn bá tún padà wá, ọlọ́dẹ á da gbogbo agboolé rú. Ìyẹn làwọn dókítà ń pè ní aléjì.

Ìdí nìyí tí ẹnìkan fi lè sọ pé, "Mo ti lò ó rí, kò ṣe mí ní nǹkan kan," kó sì jẹ́ pé ìgbà kejì tàbí ìgbà kẹta ló máa gbé e ṣánlẹ̀. Àwọn ọmọ ilẹ̀ Faransé méjì kan, Charles Richet àti Paul Portier, ló jẹ́ kí ayé mọ èyí ní ọdún 1902. Wọ́n fún ajá kan ní oró ẹran inú òkun, ajá náà kò kú. Lẹ́yìn bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, wọ́n tún fún un ní oró yẹn. Kò tó ìdajì wákàtí tí ajá náà fi kú. Wọ́n rò pé ara ajá á ti mọ́ oró yẹn lára ni, àṣé ńṣe ni ara ń dúró dè é. Richet gba ẹ̀bùn Nobel lórí iṣẹ́ yìí ní ọdún 1913.

Àwọn àgbà ní ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, tó bá rí ekòló, á sá. Bí ara ṣe rí nìyẹn.

Kí ló dé tó fi kan ẹni tó ṣe iṣẹ́ abẹ?

Nítorí pé ọjọ́ iṣẹ́ abẹ, oògùn tí èèyàn ń gbà pọ̀ ju ti ọjọ́ mìíràn lọ. Oògùn oorun wà níbẹ̀. Oògùn tí ń dẹ iṣan wà níbẹ̀. Oògùn tí ń pa kòkòrò kí ọgbẹ́ má baà kẹ̀, oògùn ìrora, omi tí wọ́n fi ń nu awọ ara, ìbọ̀wọ́ rọ́bà, bándéèjì tó ń lẹ̀ mọ́ ara, gbogbo wọn ló wà níbẹ̀. Èyíkéyìí nínú wọn ni ara lè kọ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ má torí èyí bẹ̀rù iṣẹ́ abẹ o. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ṣe ìwádìí ńlá kan tó jáde ní ọdún 2018. Wọ́n rí i pé nínú bí ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá (10,000) ẹni tí wọ́n fún lóògùn oorun, bí ẹnì kan ṣoṣo ni ara rẹ̀ kọ oògùn débi tó lè la ẹ̀mí lọ. Púpọ̀ nínú wọn ló sì yè, torí pé àwọn tó mọ ohun tí wọ́n máa ṣe wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Nínú ìwádìí yẹn, oògùn tí ń pa kòkòrò ló fa èyí tó pọ̀ jù, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì gbogbo rẹ̀. Oògùn tí ń dẹ iṣan ló tẹ̀ lé e.

Ní Benin tiwa, láti ọdún 2009 ni ìjọba ti ń san owó iṣẹ́ abẹ ìbímọ fún àwọn aboyún ní àwọn ilé ìwòsàn tí wọ́n fọwọ́ sí. Ẹ wò ó, agboolé mélòó ló kù tí kò ní obìnrin kan tí wọ́n ti fi iṣẹ́ abẹ gbẹ̀bí fún rí? Gbogbo wọn ló gbé oògùn wálé. Ìdí nìyí tí ọ̀rọ̀ yìí kì í fi í ṣe ti dókítà nìkan. Ìwọ ìyá ọkọ, ìwọ ọkọ, ìwọ àbúrò tó ń tọ́jú aláboyún náà, ọwọ́ yín ló wà.

Ìgbà mẹ́ta tí ẹ gbọ́dọ̀ la ojú sílẹ̀

Ìgbà kìíní ni ìṣẹ́jú díẹ̀ sí wákàtí kan lẹ́yìn tí èèyàn gba abẹ́rẹ́ tàbí tó gbé oògùn mì. Èyí ló ń yára pa èèyàn. Ẹ wo àwọn àmì yìí: ara yún, ara wú káàkiri bí ibi tí ẹ̀fọn jẹ, ojú tàbí ètè tàbí ahọ́n wú, ohùn há, mímí ń dún bíi fèrè, inú ń lọ́ tàbí èèyàn ń bì, òyì ń kọ́ni, ara tutù, èèyàn fẹ́ dákú. Bí ara bá yún nìkan, ẹ ránṣẹ́ sí nọ́ọ̀sì. Bí ti mímí tàbí òyì bá ti wọ̀ ọ́, ẹ má dúró mọ́. Ẹ sì fetí sí èyí: nígbà mìíràn ara kì í yún rárá, òyì àti ìdákú ni wọ́n á kọ́kọ́ rí.

Ìgbà kejì ni ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ àti ọ̀sẹ̀ kejì. Èèyàn ti wà nílé, ó ń lo oògùn lọ, ara á wá sú pupa ní àyà àti ní ẹ̀yìn, á máa yún un. Èyí kì í sábà pani, ṣùgbọ́n ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ nọ́ọ̀sì, kó sọ bóyá kí ẹ pa oògùn náà tì.

Ìgbà kẹta lè tó oṣù kan lẹ́yìn tí èèyàn bẹ̀rẹ̀ oògùn. Kò wọ́pọ̀, àmọ́ ó burú jọjọ. Ibà á mú un, ojú á pọ́n, ẹnu á bó, nǹkan ọmọ náà lè bó, awọ ara á máa dúdú, á máa ta bí ibi tí iná jó, á sì máa ṣí. Bactrim àti àwọn oògùn wárápá kan wà lára àwọn tó lè fà á. Ẹ dá oògùn náà dúró lójú ẹsẹ̀, kí ẹ sì lọ sí ilé ìwòsàn ńlá. Ẹ má ṣe fi àgbo wẹ̀ ẹ́ o. Ẹ má ṣe sọ pé ọ̀tá ló ta á lọ́fà.

Ojú ọgbẹ́ ńkọ́?

Ẹ ó rí i pé ọ̀pọ̀ èèyàn ń ṣi méjì yìí mú fún ara wọn. Bí ó bá jẹ́ pé bándéèjì ni ara kọ̀, ibi tó pọ́n á rí gẹ́gẹ́ bí bándéèjì náà ṣe rí, igun mẹ́rin ni, á yún, ó lè ro omi wínníwínní. Ibà kò ní sí. Wọ́n á fi aṣọ ọgbẹ́ àti òwú dì í dípò èyí tó ń lẹ̀, á lọ.

Ṣùgbọ́n bí ọgbẹ́ bá gbóná, tó ń dunni sí i lójoojúmọ́, tó wú, tó ń ṣe ọyún, tó ń rùn, tí ibà ń mú onítọ̀hún, ọgbẹ́ ti kẹ̀ nìyẹn. Kì í ṣe ara kíkọ̀. Èyí tó ń yún àti èyí tó ń dunni, ẹ fi í sọ́kàn. Méjèèjì, ilé ìwòsàn ni, kì í ṣe orí àtẹ.

Àsìkò kajú náà tún wà níbẹ̀. Ní agbègbè wa, bí kajú bá ti ń já bọ́, kò sẹ́ni tó fẹ́ jókòó sílé. Epo inú èèpo kajú máa ń jó awọ ara, ó sì máa ń mú kó yún. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe iṣẹ́ abẹ kò gbọ́dọ̀ bá wọn sun kajú tàbí fọ́ ọ, kó wá fi ọwọ́ yẹn kan ọgbẹ́. Kajú ọdún tó ń bọ̀ á so.

Bó bá ṣẹlẹ̀, kí ni ká ṣe?

Ẹ kọ́kọ́ dá oògùn náà dúró. Bí ó bá jẹ́ omi tó ń kán sínú iṣan ní ilé ìwòsàn, ẹ pe nọ́ọ̀sì kíákíá, ẹ pariwo bó bá gbà bẹ́ẹ̀, ojú ò ní tì yín.

Ẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀, kí ẹ gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ lé nǹkan. Bí mímí bá ń nira fún un, ẹ jẹ́ kó jókòó, kó na ẹsẹ̀. Bí ó bá lóyún, ẹ fi ìhà òsì dùbúlẹ̀ fún un. Bí ó bá dákú tàbí tó ń bì, ẹ fi ẹ̀gbẹ́ dùbúlẹ̀ fún un. Ẹ má sọ pé kó dìde kó máa rìn, ẹ má fà á dìde lójijì. Àwọn kan wà tí ara wọn ti ń balẹ̀, tó jẹ́ pé ìdìde yẹn ló dá ọkàn wọn dúró.

Lẹ́yìn náà, ilé ìwòsàn tó sún mọ́ yín jù. Abẹ́rẹ́ tó ń gba ẹ̀mí là níbẹ̀ ni adrenaline, inú iṣan itan ni wọ́n ń gún un sí, níta itan. Ìdajì mílígíráàmù ni ti àgbàlagbà, ti ọmọdé kéré sí i, wọ́n sì lè tún un gún lẹ́yìn ìṣẹ́jú márùn-ún bí kò bá tíì balẹ̀. Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì àti dókítà ni, kì í ṣe tiwa. Mo kàn ń sọ ọ́ kí ẹ lè mọ̀ pé oògùn ara yíyún àti abẹ́rẹ́ mìíràn kò lè rọ́pò rẹ̀. Òun ló gbọ́dọ̀ ṣáájú.

Bí ara bá sì ti balẹ̀, ẹ má kánjú gbé e wálé. Ó lè tún padà dé lẹ́yìn wákàtí mélòó kan, nígbà mìíràn ó lè tó ọjọ́ mẹ́ta. Bí nọ́ọ̀sì bá ní ẹ sùn níbẹ̀, ẹ sùn níbẹ̀.

Ohun tí ẹ ò gbọ́dọ̀ ṣe ńkọ́? Ẹ má fún un ní epo pupa. Ẹ má fún un ní omi àgbọn, ẹ má fún un ní mílíìkì. Ọ̀fun tó ti wú kò lè gbé e, inú ẹ̀dọ̀fóró ló máa lọ. Ẹ má jẹ́ kó bì. Mo mọ̀ pé ìfẹ́ ló ń mú wa gbé epo, Ìyá Kékeré náà, ìfẹ́ ni. Ṣùgbọ́n ìṣẹ́jú tí a fi ń wá epo, ìṣẹ́jú zémìjàn ni.

Orúkọ, orúkọ, orúkọ

Ó wá ku èyí tó ṣe pàtàkì jù. Kí ẹ tó kúrò nílé ìwòsàn, ẹ bẹ nọ́ọ̀sì kó kọ nǹkan mẹ́ta sínú ìwé ìtọ́jú yín, èyí tí a ń pè ní carnet: orúkọ oògùn tí ara kọ̀, ohun tó ṣe yín àti bó ṣe pẹ́ tó kó tó bẹ̀rẹ̀, àti ọjọ́ tó ṣẹlẹ̀. Ẹ jẹ́ kó kọ ọ́ sí ojú ewé àkọ́kọ́, kó kọ ọ́ gàdàgbà. Ẹ ya fọ́tò rẹ̀ sínú fóònù. Ẹ kọ́ ọmọ kan nínú ilé kó mọ orúkọ náà sórí, torí ẹni tó ti dákú kò lè sọ̀rọ̀.

Ẹ tún bi wọ́n pé, "Àwọn wo ni ẹbí rẹ̀?" Oògùn náà ní ẹbí. Amoxicilline, ampicilline, Augmentin, ẹbí pẹnisílìnì ni gbogbo wọn. Ẹni tí ara rẹ̀ kọ ọ̀kan, kó má tọ́ èkejì wò. Orúkọ tó wà lára páálí lè yàtọ̀, ilé kan náà ni wọ́n ti wá.

Ẹnì kan lè ní, "Èmi, amoxicilline ń yọ mí nínú, ṣé ara mi kọ̀ ọ́ ni?" Rárá o. Inú yíyọ, èébì lẹ́yìn oògùn oorun, ọ̀nà ọ̀fun tó ń dunni nítorí rọ́bà tí wọ́n kì bọ̀ ọ́, ìyẹn kì í ṣe ara kíkọ̀. Nínú ẹni mẹ́wàá tó ń sọ pé ara òun kọ pẹnisílìnì, bí wọ́n bá yẹ̀ wọ́n wò dáadáa, ó lè má tó ẹnì kan tó jẹ́ òótọ́. Bí a bá fi irọ́ kọ orúkọ oògùn dáadáa sílẹ̀, a ti ti ìlẹ̀kùn mọ́ oògùn tó lè gbà wá lọ́jọ́ mìíràn. Ìdí nìyẹn tí ẹ fi gbọ́dọ̀ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an, kí dókítà pinnu. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má dán an wò nílé o!

Ọ̀rọ̀ ọjà rèé. Oògùn orí àtẹ kò ní orúkọ. Aláwọ̀ méjì lónìí, aláwọ̀ méjì lọ́la, ohun tó wà nínú wọn lè má jọ ara wọn rárá. Ní oṣù kejì ọdún 2017, ìjọba wa kó oògùn rẹpẹtẹ ní Adjégounlè nínú ọjà Dantokpa ní Cotonou, wọ́n sì mú àwọn tó ń tà á. Síbẹ̀, àtẹ kò tíì tán láwọn ọjà wa. Ẹ̀yin ìyá ọlọ́jà, mi ò bá yín jà. Mò ń bẹ̀ yín ni: ẹni tí ọgbẹ́ abẹ wà lára rẹ̀, ẹ má ta oògùn fún un, ẹ ní kó padà sọ́dọ̀ nọ́ọ̀sì. Ẹ̀yin tí ẹ ń rà, ẹ lọ sí fámásì tàbí ilé ìwòsàn, kí ẹ sì tọ́jú páálí rẹ̀ títí oògùn á fi tán. Páálí yẹn ló ń sọ̀rọ̀ nígbà tí ẹnu wa ò bá lè sọ̀rọ̀.

Kí wọ́n tó ṣe iṣẹ́ abẹ náà ńkọ́? Ẹ sọ gbogbo rẹ̀ fún dókítà: oògùn tó ṣe yín rí, àgbo tí ẹ ń mu, oúnjẹ tó ń mú ara yín wú. Bí ẹnu yín bá máa ń yún tàbí tó ń wú tí ẹ bá fẹ́ bàlúù, ẹ sọ ọ́, torí rọ́bà ìbọ̀wọ́ dókítà lè jẹ́ ọmọ ìyá bàlúù yẹn. Wọ́n á wá ìbọ̀wọ́ mìíràn.

Bàbá Kékeré ṣì wà láàyè, wọ́n ń gbọ́ rédíò yìí lọ́wọ́lọ́wọ́, wọ́n ló fún mi láṣẹ kí n sọ ọ́. Ìwé ìtọ́jú wọn wà nínú ọ̀rá, ó so mọ́ òpó ibùsùn. Bí ẹ bá bi ọmọ-ọmọ wọn tó kéré jù, ọmọ ọdún mẹ́fà, pé, "Kí ni Bàbá kì í lò?" á dá yín lóhùn kíá: "Pẹnisílìnì àti gbogbo ẹbí rẹ̀!"

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ olùgbọ́, ẹ jọ̀wọ́, lẹ́yìn ètò yìí ẹ jíròrò lórí ìbéèrè mẹ́ta. Èkíní: nínú ẹgbẹ́ yín, ta ni ara rẹ̀ ti kọ oògùn rí, ṣé ó mọ orúkọ rẹ̀? Èkejì: bó bá ṣẹlẹ̀ lóru òní, zémìjàn ta ni ẹ máa pè, ṣé nọ́ńbà rẹ̀ wà nínú fóònù yín? Ẹ̀kẹta: níbo ni ìwé ìtọ́jú wà nínú ilé yín báyìí? Bí ẹ bá ní láti ronú kí ẹ tó dáhùn, ẹ dìde, ẹ lọ wá a.

Ó dàbọ̀ o. Ọjà á tà, ara á le.